Dòdò Ìkirè: Iṣẹ́ Ọwọ́ Tó Borí Àkókò

Àkókò kì í dúró de ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà. Bó bá ti pọ́n jù, tí èèpo rẹ̀ dúdú, ẹlòmíràn á ní ó ti bàjẹ́. Ibẹ̀ gan-an ni iṣẹ́ àwọn ìyá ìlú Ìkirè ti bẹ̀rẹ̀. Wọ́n á bó o, wọ́n á fi ata àti iyọ̀ sí i, wọ́n á dín in nínú epo pupa títí ìta rẹ̀ yóò fi dúdú, tí inú rẹ̀ á ṣì rọ̀. Adùn á kọ́kọ́ dé ẹnu, ata á tẹ̀ lé e. Lójú ọ̀nà Ìbàdàn sí Ifẹ̀, níbi tí Ìkirè àti Apòmù ti múlé gbera wọn, àwọn èrò ọkọ̀ ń ra dòdò yìí lọ sílé. Ohun tí à bá dà nù ló sọ ìlú di olókìkí.