Ìpolówó Tó Ń Tú Àṣírí Fíìmù

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Mùsùlùmí àti ẹ̀yin òbí wa, ìpolówó ọjà ni àgúnmu òwò. A kò bá ẹni tó ń ta fíìmù jà nítorí pé ó polówó. Ohun tí a fẹ́ yẹ̀ wò ni bí àfihàn ṣókí tí wọ́n fi ń polówó fíìmù onísáyẹ́ǹsì ṣe ń darí ọkàn wa kí a tó wo fíìmù náà.

Ẹ jẹ́ kí a mú Terminator 2, tí James Cameron darí ní ọdún 1991. Nínú ti àkọ́kọ́, ní 1984, ẹ̀rọ apànìyàn tó gbé àwọ̀ ènìyàn wọ̀ ni Arnold Schwarzenegger ṣe. Nígbà tí ìkejì bẹ̀rẹ̀, òun náà ló tún yọ, ẹnìkan tó wọ aṣọ ọlọ́pàá sì yọ pẹ̀lú. Àwọn méjèèjì ń wá ọmọkùnrin kan. Ìtàn náà jẹ́ kí a máa bẹ̀rù ẹni àná, kí a sì gbọ́kàn lé aṣọ ọlọ́pàá, títí wọ́n fi pàdé. Ìgbà náà ló hàn pé apànìyàn àná ni aláàbò, ọlọ́pàá gan-an ni ikú.

Àmọ́ ìpolówó ti sọ èyí kí fíìmù náà tó jáde. Ohun tí a pàdánù ju ìyàlẹ́nu lọ. Súúrà Hujurat kìlọ̀ fún wa nípa èrò burúkú sí ọmọnìkejì. Ibi tí ìtàn náà ì bá ti ká irú èrò bẹ́ẹ̀ mọ́ wa lọ́wọ́ gan-an ni ìpolówó bà jẹ́. Ní 2015, wọ́n tún ṣe bẹ́ẹ̀ sí Terminator Genisys. Alan Taylor tó darí rẹ̀ fi àìdùnnú rẹ̀ hàn.

Bẹ́ẹ̀ ó ṣeé ṣe dáadáa. Ìpolówó Alien, fíìmù Ridley Scott ti 1979, kò ní ọ̀rọ̀ ẹnu òṣèré kankan. Ẹ̀rù ni ó ṣèlérí, ẹ̀rù náà ni a bá nínú fíìmù.

Òbí lè ní òun fẹ́ mọ ohun tí ọmọ òun yóò wò. Òótọ́ ni. Ànábì wa (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) ti ọwọ́ bọ òkìtì oúnjẹ lọ́jà, ó bá ọ̀rinrin nísàlẹ̀, ó sì bá ọlọ́jà wí. Kí ìpolówó má ṣe fi ìbọn àti ẹ̀jẹ̀ pamọ́ fún òbí. Ṣùgbọ́n àbùkù yàtọ̀ sí adùn. Ọlọ́sàn kò gbọdọ̀ fi èyí tó jẹrà pamọ́ sábẹ́ igbá. Kò sì yẹ kí ó mu ọsàn náà tán kí ó tó tà á fún wa.