Ojú Lọ̀rọ̀ Wà, Ohùn Ńkọ́? Àgbéyẹ̀wò Iṣẹ́ Gert Fröbe, Òṣèré Ilẹ̀ Jámánì

Bí lámèyítọ́ bá ń ṣe àgbéyẹ̀wò òṣèré fíìmù, ojú àti ìṣe ara ni ó sábà máa ń kọ́kọ́ wò. Àwọn àgbà tilẹ̀ sọ pé ojú lọ̀rọ̀ wà. Ohun tí a fẹ́ fi hàn nínú àpilẹ̀kọ yìí ni pé ohùn òṣèré àti èdè abínibí rẹ̀ ṣe pàtàkì tó bẹ́ẹ̀. Gert Fröbe ni a ó fi ṣe àpẹẹrẹ. Ọdún 1913 ni a bí i ní ilẹ̀ Jámánì. Ó kú ní 1988. Kì í ṣe ara àwọn arẹwà ọkùnrin tí fíìmù máa ń fi ṣe olólùfẹ́. Ẹ̀dá-ìtàn tí ìwà rẹ̀ ṣàrà ọ̀tọ̀ ni wọ́n máa ń fún un ṣe.

Ogun Àgbáyé Kejì parí ní 1945. Ní 1948, Fröbe ṣe ọmọ-ogun tí ó padà sí ìlú Berlin tí ogun ti sọ di àlàpà, nínú Berliner Ballade tí Robert A. Stemmle darí. Fröbe rù kan egungun nígbà náà. Òǹwòran kò nílò àlàyé kí ó tó mọ̀ pé ebi ń pa ará ìlú. Otto Normalverbraucher ni orúkọ ẹ̀dá-ìtàn náà. Káàdì ni ìjọba fi ń pín oúnjẹ lákòókò yẹn, 'Normalverbraucher' sì ni ẹni tí ìpín rẹ̀ kò ní àfikún kankan. Láti inú fíìmù yìí ni odindi orúkọ náà ti bọ́ sẹ́nu àwọn ará Jámánì. Títí di òní, bí wọ́n ṣe ń pe mẹ̀kúnnù nìyẹn. Ẹ̀yin olùkọ́ èdè mọ̀ pé òṣèré tí ipa rẹ̀ di ọ̀rọ̀ nínú èdè àwọn ènìyàn rẹ̀ kò wọ́pọ̀.

Nígbà tí yóò fi ṣe Es geschah am hellichten Tag ní 1958, ó ti sanra. Ladislao Vajda ni ó darí fíìmù náà; Friedrich Dürrenmatt wà lára àwọn tí ó kọ ọ́. Fröbe ṣe Schrott, ẹni tí ń pa ọmọdébìnrin. Nílé, ìyàwó rẹ̀ ń bú u, ó ń gbé e mì. Nínú igbó, ó fi ọmọláńgidi àti ṣokoléètì fa ojú ọmọ mọ́ra, ohùn rẹ̀ rọ̀ bí ti bàbá rere. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàrin Schrott ilé àti Schrott inú igbó ni ìfìwàwẹ̀dá rẹ̀ dúró lé, ohùn ni ó sì gbé e yọ. Bí a bá yọ ohùn kúrò, ọkùnrin fìrìgbọ̀n kan tí ń dẹ́rù bani ni yóò kù.

Bí ọ̀ràn sì ti rí nìyí nínú Goldfinger (1964), tí Guy Hamilton darí, fíìmù tí ó sọ ọ́ di olókìkí káàkiri àgbáyé. Èdè Gẹ̀ẹ́sì kò já gaara lẹ́nu Fröbe. Ohùn òṣèré mìíràn, Michael Collins, ni wọ́n fi rọ́pò tirẹ̀. Àwọn kan lè sọ pé èyí kò ba nǹkan kan jẹ́, nítorí pé fíìmù náà ṣàṣeyọrí. A gbà pé Collins ṣe iṣẹ́ rẹ̀ dáadáa. Ṣùgbọ́n àṣeyọrí fíìmù ọ̀tọ̀, òṣùwọ̀n òṣèré ọ̀tọ̀. Ìwọ̀nba ẹ̀rín músẹ́, ìrìn àti ìwò ojú ni ti Fröbe níbẹ̀. Nínú ẹ̀dà tí wọ́n ṣe ní èdè Jámánì, òun fúnra rẹ̀ ni ó sọ̀rọ̀. Ẹ̀dà yẹn ni ó yẹ kí lámèyítọ́ fi wọ̀n ọ́n.

Ní ìkádìí, èrò tiwa ni pé Schrott, kì í ṣe Goldfinger, ni òkè téńté iṣẹ́ Fröbe. Ẹni tí kò gbọ́ èdè Jámánì pàápàá lè tẹ́tí sí bí ohùn náà ti ń lọ sókè tí ó ń lọ sílẹ̀. Bí a bá ń kọ́ akẹ́kọ̀ọ́ ní lámèyítọ́ eré, ẹ jẹ́ kí a kọ́ ọ láti máa bi ara rẹ̀ léèrè pé: ẹnu ta ni mo ń gbọ́ yìí, èdè wo ni òṣèré yìí sì fi mọ ọ̀rọ̀ sọ jù?