Ìdògbé: Orúkọ Tí Ìtumọ̀ Rẹ̀ Kò Hàn

Bí olùkọ́ bá dúró níwájú kíláàsì lónìí tí ó pe Táíwò, Kẹ́hìndé, Ìdòwú àti Àlàbá, kò ní ṣàìrí ẹni dá a lóhùn. Bí ó bá pe Ìdògbé, ó ṣeé ṣe kí gbogbo kíláàsì dákẹ́. Orúkọ náà ti di ọ̀wọ́n. Ìyá tí ó bí ìbejì, tí ó bí Ìdòwú àti Àlàbá tẹ̀lé wọn, tí ó sì tún bí òmíràn lé e, kò wọ́pọ̀ mọ́. Níbi tí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ bá sì wà, orúkọ ìsàmì tàbí orúkọ mùsùlùmí ni a sábà ń fi pè é.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe ọ̀wọ́n orúkọ yìí ni ó mú mi kọ̀wé, bí kò ṣe irú ìtumọ̀ tí àwọn ènìyàn ń fún un. A ti kọ́ àwọn ọmọ wa pé gbólóhùn tí a lè tú ni gbogbo orúkọ Yorùbá: Babátúndé, baba tún dé, Ayọ̀délé, ayọ̀ dé ilé. Òtítọ́ ni èyí ní ti orúkọ àbísọ. Ṣùgbọ́n Samuel Johnson, nínú ìwé ìtàn rẹ̀ tí a tẹ̀ jáde ní 1921, ti ya orúkọ àmútọ̀runwá sọ́tọ̀ kúrò lára àbísọ àti oríkì, ìyàsọ́tọ̀ náà sì nídìí. Àbísọ ń sọ ohun tí ó wà lọ́kàn àwọn òbí. Àmútọ̀runwá ń sọ bí ọmọ ti wá sáyé. Bí ẹnìkan bá bi wá léèrè ohun tí Òjó jẹ́, a ó sọ fún un pé ọmọkùnrin tí ó gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé ni. Nígbà náà, a kò tú orúkọ. Ipò tí a bí ọmọ sí ni a sọ.

Bẹ́ẹ̀ náà ni Ìdògbé rí. Ọmọ tí ó tẹ̀lé Àlàbá ni, tàbí, gẹ́gẹ́ bí àwọn mìíràn ti wí, ọmọkùnrin tí ó tẹ̀lé Ìdòwú, nígbà tí Àlàbá jẹ́ ti obìnrin. Títí dé ibẹ̀, kò sí wàhálà. Wàhálà dé nígbà tí a bá mú ọ̀bẹ tì í.

Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu olùkọ́ kan pé “ìdó gbé” ni, èyí tí í ṣe pé ibùdó ti ṣègbé; lójú àwọn ẹgbẹ́ ọmọ tí ń jẹ́ orúkọ náà ni ó sì ti sọ ọ́. Ẹ wo ẹrù tí a dì lé ọmọ lórí! Ohùn kò tilẹ̀ gbà á. Ìdó tí í ṣe ibùdó, láti ara dó ni ó ti wá, ohùn òkè ni ó sì wà lórí rẹ̀. Dò tí ó wà nínú Ìdògbé, ohùn ìsàlẹ̀ ni. Àwọn mìíràn a máa sọ pé owú ni ó wà nínú Ìdòwú, pé ọmọ náà ń jowú àwọn ìbejì tí ó ṣáájú rẹ̀. Èyí dùn létí, nítorí pé gbogbo wa ni a ti gbà pé Ìdòwú a máa lágídí, tí a sì ń pè é ní èṣù lẹ́hìn ìbejì. Ṣùgbọ́n bí a bá yọ owú kúrò, kí ni ìyókù? Owú ta ni Ìdògbé sì ń jẹ?

Bí ohùn bá tilẹ̀ bá a mu rẹ́gí, kò tí ì tó. Ẹ mú “ìdì òwú”, kí ẹ sọ ọ́ kíákíá: ìdòwú ni yóò dún, láìsí àléébù kan. Ta ni yóò wá gbà pé ìdì òwú ni àwọn baba wa rí tí wọ́n fi sọ ọmọ tí ó tẹ̀lé ìbejì lórúkọ?

Ọ̀nà tí ó sàn jù ni kí á gbé Ìdòwú àti Ìdògbé ka ẹ̀gbẹ́ ara wọn. Ìdò ni ó bẹ̀rẹ̀ méjèèjì, lẹ́hìn ìbejì nìkan ni a sì ń lò wọ́n. Ó jọ pé ìdò yìí ni ó ń sọ ipò ọmọ, tí -wú àti -gbé sì ń ya ọ̀kan sọ́tọ̀ kúrò lára èkejì. Àlàbá ni ó dà bí àlejò láàrin wọn. Ìrísí rẹ̀ àti ohùn rẹ̀ bá ti àwọn oríkì bí Àlàkẹ́ àti Àlàbí mu. Bóyá nítorí pé ó wọ àárín àwọn tí ó ti wà tẹ́lẹ̀ ni ètò wọn kò fi rí bákan náà lẹ́nu gbogbo ènìyàn. Àbá tèmi nìyí, n kò sọ pé ó ti di òfin.

Ìwọ̀-oòrùn ni ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀ sí dùn. Láàrin àwọn Fọ̀n, àti àwọn Ẹ̀gùn tí ó wà ní Àjàṣẹ́ àti Àgbádárìgì, ọmọkùnrin tí ó tẹ̀lé ìbejì ni Dosu, obìnrin ni Dosi. Ọ̀pọ̀ ìdílé ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ ni ó ń jẹ́ Dossou títí di òní, bí wọ́n ti ń kọ ọ́ lọ́nà Faransé. Ní èdè Fọ̀n, asu ni ọkọ, asi ni aya. Akọ àti abo ni ìparí orúkọ méjèèjì yìí ń sọ. Ohun tí ó kù ni do. Do tiwọn àti dò tiwa, ìró wọn jọra, ẹ̀hìn ìbejì kan náà ni wọ́n sì dúró sí. Èmi kò lè pe èyí ní èèṣì.

Ìtàn ẹnu pẹ̀lú nawọ́ sí ọ̀nà kan náà. Ará Ìṣokùn ni a ń ki ìbejì, ìtàn kan sì wà tí ó fi Ìṣokùn yìí sí ẹ̀bá Àjàṣẹ́, pé ibẹ̀ ni àgbẹ̀ kan ti ń pa ẹdun tí ń ba oko rẹ̀ jẹ́, kí aya rẹ̀ tó bí ìbejì. T. J. H. Chappel, nínú ìwé àtìgbàdégbà tí a ń pè ní Africa, jiyàn ní 1974 pé ìgbà kan wà tí a ń pa ìbejì nílẹ̀ Yorùbá, kí ó tó di pé a ń bọ wọ́n. Bí bíbọ ìbejì bá gba ọ̀nà ìwọ̀-oòrùn wọlé, orúkọ àwọn tí ó tẹ̀lé wọn lè bá a wọlé.

Síbẹ̀ kí á má sáré. Ìṣokùn wà ní Ọ̀yọ́ pẹ̀lú. Ta ni ó sì yá orúkọ lọ́wọ́ ẹnìkejì rẹ̀? Láti 1748 ni Dahomey ti ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún Ọ̀yọ́, títí di ayé ọba Gezo tí ó gorí oyè ní 1818. Nínú irú àjọṣe bẹ́ẹ̀, orúkọ lè ti ọ̀dọ̀ wa lọ bí ó ti lè ti ọ̀dọ̀ wọn wá. Ìrísí Ìdòwú tiwa pàápàá kì í ṣe ti àná. Àwọn Lùkùmí ní Kúbà, tí a kó púpọ̀ nínú àwọn baba wọn lọ ní ọ̀rúndún 19, Ideu ni wọ́n ń pe ẹni tí ó tẹ̀lé ìbejì, kì í ṣe Dosu.

Nítorí náà, bí a bá bi Ìdògbé léèrè ìtumọ̀ orúkọ rẹ̀ ní kíláàsì, ẹ jẹ́ kí ó dáhùn pé ẹni tí ó tẹ̀lé Àlàbá ni òun, kí ó sì jókòó. Ìdáhùn náà pé. Iṣẹ́ tí ó kù, iṣẹ́ àwa ni. Kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan bi àwọn ìyá àgbà ìlú rẹ̀ léèrè orúkọ ọmọ kejì àti ìkẹta lẹ́hìn ìbejì, kí ó fi àmì ohùn kọ ọ́, kí ó sì kọ bóyá takọtabo ni ó ń jẹ́ ẹ. Kí á bẹ̀rẹ̀ láti Kétu, Ọ̀họ̀rí àti Ifẹ̀ ti Togo, kí á sì fi Èkìtì àti Oǹdó wò ó. Bí Ìdògbé bá pọ̀ ní ìwọ̀-oòrùn, tí ó ń dínkù bí a ti ń lọ sí ìlà-oòrùn, ọ̀rọ̀ Dosu yóò túbọ̀ fẹsẹ̀ múlẹ̀. Bí ó bá jẹ́ Èkìtì ni ó ti pọ̀ jù, mo ti ṣetán láti kó ọ̀rọ̀ mi jẹ.