Kò Sí Ọkọ́ Nílé: Àtúnyẹ̀wò Ìtumọ̀ àti Ìtàn Orúkọ Kòsọ́kọ́

Òwe tí àwọn onímọ̀ fi máa ń ṣíde ọ̀rọ̀ lórí orúkọ ní ilẹ̀ Yorùbá ni èyí tí ó ní ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Òwe náà ti mọ́ni lẹ́nu tó bẹ́ẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kì í fi bẹ́ẹ̀ bèèrè mọ́ ohun tí a rí nínú ilé nígbà tí a wò ó. Àwọn òbí kan wo ilé, wọ́n rí ọlá, wọ́n sọ ọmọ wọn ní Ọládélé. Àwọn mìíràn rí ayọ̀, wọ́n sọ tiwọn ní Ayọ̀délé. Adé wọ ilé àwọn kan, ọmọ wọn di Adéwọlé. Ṣùgbọ́n àwọn òbí kan wà tí wọ́n wo ilé tiwọn yíká, tí ó jẹ́ pé ohun tí kò sí níbẹ̀ ni wọ́n fi sọ ọmọkùnrin wọn lórúkọ. Wọ́n ní kò sí ọkọ́. Orúkọ náà ni Kòsọ́kọ́.

Gẹ́gẹ́ bí orúkọ ìdílé, orúkọ yìí kò ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni tí ó mọ Èkó. Gẹ́gẹ́ bí orúkọ ìkókó, ó ti di ọ̀wọ́n. Nínú ìwé, ipò tí ó wà kò sì dára tó: ó ti di ìlà kan nínú àtòkọ. Samuel Johnson, nínú ìwé rẹ̀ lórí ìtàn àwọn Yorùbá tí a tẹ̀ jáde ní 1921, kà á mọ́ àwọn orúkọ àbíkú, ó fún un ní ìtumọ̀ ní ṣókí, ó sì kọjá lọ. Ọ̀pọ̀ àtòkọ tí ó tẹ̀ lé tirẹ̀ kò ṣe ju bẹ́ẹ̀ lọ. Àléébù irú àtòkọ bẹ́ẹ̀ ni pé ó ń mú kí Málọmọ́, Dúrósinmí, Ààtàn, Akísàátán àti Kòsọ́kọ́ dà bí ẹni pé iṣẹ́ kan náà ni gbogbo wọn ń ṣe. Iṣẹ́ wọn kò dọ́gba rárá, ìyàtọ̀ náà sì wà nínú èdè orúkọ wọ̀nyí gan-an, kì í ṣe nínú ìgbàgbọ́ tí ó bí wọn nìkan.

Odidi gbólóhùn ni orúkọ náà: kò sí ọkọ́. Nígbà tí sí àti ọkọ́ bá pàdé, fáwẹ́lì inú sí ni a ń pa jẹ, ṣùgbọ́n ohùn òkè tí ó wà lórí rẹ̀ kì í bá a lọ; orí fáwẹ́lì tí ó bẹ̀rẹ̀ ọkọ́ ni ó ń bọ́ sí, tí ohùn àárín ibẹ̀ yóò fi di ohùn òkè. Báyìí ni a ṣe ní ohùn ìsàlẹ̀ kan àti ohùn òkè méjì. Gbogbo ìtumọ̀ orúkọ náà sì rọ̀ mọ́ ohùn òkè tí ó gbẹ̀yìn. Bí ó bá di ohùn àárín, kò sí ọkọ ni a wí, ìyẹn ni pé obìnrin kan kò rí ẹni fẹ́. Bí ó bá di ohùn ìsàlẹ̀, ọkọ̀ ni kò sí, yálà ti orí omi tàbí ti orí ilẹ̀. Bí a bá sì tún yọ àmì tí ó wà lábẹ́ ọ kúrò, oko ni kò sí. Gbólóhùn mẹ́rin ni ó fara pamọ́ sínú Kosoko tí a kọ láìní àmì kankan, mẹ́ta nínú wọn kò sì ní ohunkóhun í ṣe pẹ̀lú ikú. Kò sí ohun tí ó wà nínú ẹ̀hun orúkọ náà tí ó yà á sọ́tọ̀ fún ọmọkùnrin. Síbẹ̀, kò ní yani lẹ́nu bí òbí ọmọbìnrin bá yàgò fún orúkọ tí àṣìpè díẹ̀ lè sọ di àìrọ́kọfẹ́.

Kí a tilẹ̀ pe orúkọ náà bí ó ti yẹ, ààbọ̀ ọ̀rọ̀ ṣì ni. Ọkọ́ tí a ó fi ṣe kí ni? Orúkọ náà kò wí. Ikúkọ̀yí dárúkọ ikú. Igbókọ̀yí dárúkọ igbó tí a ń gbé òkú ọmọdé lọ. Dúrósinmí mẹ́nu ba ìsìnkú. Nínú Kòsọ́kọ́, ikú kò sí níbẹ̀, òkú kò sí níbẹ̀, ilẹ̀ àti sàárè kò sí níbẹ̀. Irinṣẹ́ àgbẹ̀ nìkan ni a dá dúró, a sì ní kò sí. Olùgbọ́ ni yóò fi ìyókù kún un, ìdáhùn sí ohun tí yóò fi kún un ni àwọn olùtumọ̀ kò sì tíì yẹ̀ wò dáadáa.

Èrò tí ó wọ́pọ̀ jù ni pé ìhàlẹ̀ ni orúkọ náà, àti pé ọmọ gan-an ni a ń halẹ̀ mọ́: bí o bá tún kú, kò sí ọkọ́ tí a ó fi gbẹ́lẹ̀ fún ọ, ìta ni ìwọ yóò wà. Èrò yìí kò ṣàìní ẹsẹ̀ nílẹ̀. Òkú ọ̀fọ̀ ni òkú ọmọdé láàárín àwọn Yorùbá. A kì í ṣe ayẹyẹ fún un, òkú àbíkú ni a sì máa ń fi àpá sí lára nígbà mìíràn kí a lè dá a mọ̀ bí ó bá tún padà wá. Ẹni tí a ti ṣe bẹ́ẹ̀ sí rí, a lè fi àìrílẹ̀-sùn dẹ́rù bà á. Àmọ́ ìhàlẹ̀ a máa ní ẹni tí a dojú rẹ̀ kọ. Málọmọ́ dojú kọ ọmọ: àṣẹ ni, ìwọ tí kò hàn ni a pa á fún. Dúrósinmí ń bá ọmọ sọ̀rọ̀, òbí sì fi ara rẹ̀ sínú rẹ̀ pẹ̀lú mi tí ó parí rẹ̀. Níbo ni ìwọ wà nínú Kòsọ́kọ́? Níbo ni èmi wà?

Èrò kejì ni pé ọ̀rọ̀ àárẹ̀ ni: òkú tí a ti sin ti pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ọkọ́ ti jẹ tán. Àwọn tí ó di èrò yìí mú máa ń fi Akísàátán tì í lẹ́yìn, nítorí pé ohun ìsìnkú ni àkísà náà, òun náà sì ti tán. Orúkọ méjèèjì jọra lóòótọ́ ní ti pé ohun èlò inú ilé ni wọ́n ń ròyìn, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀-ìṣe wọn kò jọra. Ohun tí ó tán ti wà rí. Tán ní ìtàn lẹ́yìn. Ó ń ka àkísà kìíní, èkejì àti ẹ̀kẹta, títí tí ó fi kan èyí tí ó gbẹ̀yìn. Kò sí kò ka ohunkóhun. Kò sọ bóyá ọkọ́ wà lánàá, kò sì sọ ohun tí ó gbé e lọ. Bí àwọn òbí bá fẹ́ sọ pé ọkọ́ ti jẹ tán, èdè Yorùbá kò ṣàìní ọ̀nà tí wọn yóò fi sọ ọ́. Kò sí ni wọ́n yàn.

Ibi tí ó yẹ kí a wá ìtumọ̀ rẹ̀ sí ni ibi tí a ti ń lo gbólóhùn náà gan-an lójoojúmọ́, èyí tí àwọn olùtumọ̀ fò dá. Ní abúlé, ọkọ́ jẹ́ ọ̀kan nínú ohun tí aládùúgbò máa ń yá lọ́wọ́ ara wọn. Ẹni tí ó wá yá a lè jẹ́ ẹni tí kò ṣeé lé: àgbà, àna, tàbí ẹni tí agbára rẹ̀ ju ti onílé lọ. A kì í sọ lójú irú ẹni bẹ́ẹ̀ pé a kò ní yá a. Kò sọ́kọ́ ni a máa ń wí. Ẹni tí ó béèrè lè mọ̀ pé ọkọ́ wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn, onílé sì lè mọ̀ pé ó mọ̀, síbẹ̀ ọ̀rọ̀ ti parí. A kò bú u, a kò bá a jà, ó sì ní láti yí padà. Ikú tí ó ti wọ ilé kan ní ẹ̀ẹ̀mejì tàbí ẹ̀ẹ̀mẹta ti di ojúlùmọ̀ ilé náà. Òun ni orúkọ yìí dúró dè ní ẹnu ọ̀nà.

Ìtumọ̀ yìí ni ó jẹ́ kí àìsí ẹni nínú gbólóhùn náà ní láárí. Nítorí pé kò sí ìwọ, kò sí èmi, gbogbo ẹni tí ó wà níbẹ̀ ni a lè wí i fún lẹ́ẹ̀kan náà. Ikú gbọ́ pé a kò ní ohun èlò tí iṣẹ́ rẹ̀ nílò. Ọmọ gbọ́ pé ilé yìí kò múra sílẹ̀ fún lílọ rẹ̀. Àwọn àlejò tí ó péjọ ní ọjọ́ ìsọmọlórúkọ, èyí tí ó jẹ́ ọjọ́ kẹsàn-án fún ọmọkùnrin láyé àtijọ́, gbọ́ ohun tí ojú àwọn òbí ti rí láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni dárúkọ ọmọ tí ó ti kú. Láti ọjọ́ náà lọ, gbogbo ìgbà tí a bá pe ọmọ náà wá jẹun tàbí tí a bá rán an níṣẹ́ ni a ń tún ìdáhùn náà sọ.

Irọ́ sì ni. Ó yẹ kí a sọ bẹ́ẹ̀ láìfọ̀rọ̀ bọpo bọyọ̀. Ilé àgbẹ̀ tí kò ní ọkọ́ kò sí, ọkọ́ tí a fi gbẹ́lẹ̀ sin ọmọ àkọ́kọ́ ni a fi ń kọ ebè iṣu tí ìyá rẹ̀ yóò jẹ kí ọmú lè kún fún èyí tí ó kù. A kò lè sọ ọ́ nù, a kò sì lè fi pa mọ́ fún ẹni tí ń gbé inú ilé. Àwọn onímọ̀ tí ó máa ń tẹnu mọ́ ọn pé òtítọ́ nípa ipò ìbí ni orúkọ àbísọ ń sọ ní láti wá àyè fún orúkọ kan tí gbogbo agbo mọ̀ pé kò rí bẹ́ẹ̀, tí gbogbo agbo sì fohùn ṣọ̀kan láti máa pè.

Ẹni tí ó gbé orúkọ náà wọ inú ìtàn kì í ṣe ọmọ àgbẹ̀. Ọmọ Ọba Òṣìnlókun ti Èkó ni Kòsọ́kọ́, ìlú tí ẹja pípa àti òwò orí ọ̀sà ti gbilẹ̀ ju oko ríro lọ. Bí a bá tẹ̀ lé àṣà ìsọmọlórúkọ, ẹ̀rí ni èyí pé ọ̀rọ̀ tí a mú láti inú ahéré ti wọ ààfin, nítorí ikú ọmọdé kò mọ ibodè ọba. Ní 1845, ó gba adé lọ́wọ́ Akítóyè, arákùnrin bàbá rẹ̀. Ní oṣù Kejìlá 1851, àwọn ọmọ ogun ojú omi ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fi ìbọn ńlá lé e kúrò ní Èkó, wọ́n sì dá Akítóyè padà sórí oyè. Kòsọ́kọ́ tẹ̀dó sí Ẹ̀pẹ́ pẹ̀lú àwọn ènìyàn rẹ̀. Láti ibẹ̀ ni ó ti ń fi ọkọ̀ ogun yọ Èkó lẹ́nu, títí àwọn Gẹ̀ẹ́sì fi bá a ṣe àdéhùn ní 1854. Ẹni tí ó bá ka Kosoko láìní àmì, tí ó rò pé ọkọ̀ ni kò sí, ti sọ ìdàkejì ọ̀rọ̀ nípa ọkùnrin yìí.

Bẹ́ẹ̀ ni a sì ṣe kọ orúkọ náà nínú gbogbo ìwé àdéhùn àti lẹ́tà àwọn aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, láìní àmì ohùn, láìní àmì ìsàlẹ̀. Bí ó ṣe wọ ìwé ìtàn nìyẹn, bẹ́ẹ̀ náà ni ó sì ṣe di orúkọ ìdílé tí àwọn tí kò bá àbíkú tan ń jẹ́ lónìí, tí gbajúgbajà òṣèré Jídé Kòsọ́kọ́ wà lára wọn. Àwọn tí ó gbọ́ ọ lẹ́nu ará Èkó kò lè ṣì í pè. Ṣùgbọ́n akẹ́kọ̀ọ́ tí inú ìwé nìkan ni ó ti bá a pàdé kò ní ohun tí yóò fi mọ̀ pé ọkọ́ wà níbẹ̀. Àwọn ìwé tí a ń kọ ní èdè Yorùbá pàápàá kò ṣàìjẹ̀bi, nítorí ọ̀pọ̀ nínú wọn ni ó máa ń fi àmì sí gbogbo ọ̀rọ̀ tán, tí ó wá ń fi orúkọ ènìyàn sílẹ̀ ní ìhòòhò, bí ẹni pé orúkọ kì í ṣe ara èdè.

Ìdí mìíràn tún wà tí a kò fi sọ ìkókó ní Kòsọ́kọ́ bí ti àtijọ́ mọ́. A ti mọ̀ nísinsìnyí pé àìsàn fòníkú-fọ̀ladìde, èyí tí ọmọ ń jogún láti ara bàbá àti ìyá, wà nínú ohun tí ó ń pa àwọn ọmọ tí a ń pè ní àbíkú. Ilé ìwòsàn àti àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ ti gba iṣẹ́ tí orúkọ ń ṣe. Inú ẹni dùn sí èyí. Ohun tí kò tọ̀nà ni bí àwọn kan ṣe wá ń ka irú orúkọ bẹ́ẹ̀ sí àmì àìmọ̀kan, tí àwọn ẹlẹ́sìn kan sì ń kà á sí èpè tí ó yẹ kí a fi àdúrà bọ́ sílẹ̀. Èpè máa ń fẹ́ ibi fún ẹni tí a ṣẹ́ ẹ fún. Nínú gbogbo orúkọ àbíkú, Ààtàn bú ọmọ, Kòsọ́kọ́ kò bú ẹnikẹ́ni.

Kòsọ́kọ́ ọba padà sí Èkó ní 1862, lẹ́yìn tí ìlú náà ti bọ́ sí ọwọ́ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní 1861. Kò tún jọba mọ́, ṣùgbọ́n a fi í jẹ Olójà Ẹrẹ́kọ̀, ibẹ̀ ni ó sì wà títí ó fi kú ní 1872, ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n lẹ́yìn tí ó kọ́kọ́ gun orí ìtẹ́. Irú òkú bẹ́ẹ̀ kì í ṣe òkú ọ̀fọ̀. Àwọn tí ó sin ín wá ọkọ́, wọ́n sì rí i.