Oedipus Ṣáájú Sophocles, Oedipus Lẹ́yìn Rẹ̀

Láti ọdún 1968 tí wọ́n ti kọ́kọ́ ṣe eré Ọlá Rótìmí, The Gods Are Not to Blame, ní Ilé-Ifẹ̀, àríyànjiyàn kan ò tíì tán nílẹ̀ láàrin àwọn tó ń ṣe lámèyítọ́ rẹ̀. Àwọn kan ní àkọlé eré náà ta ko ìtàn tó wà nínú rẹ̀, pé bó bá jẹ́ ìtàn Oedipus, ọba tó pa bàbá rẹ̀ tó sì fẹ́ ìyá rẹ̀ láìmọ̀, là ń sọ lóòótọ́, ọrùn àwọn òrìṣà ni ẹ̀bi wà, Rótìmí ló sì gbé e ka ọmọ aráyé lórí. Eré Sophocles, akéwì ilẹ̀ Gíríìsì, ni wọ́n fi ń wọn tiẹ̀, bí ẹni pé Sophocles ló bí ìtàn náà, tí gbogbo ẹni tó wá lẹ́yìn rẹ̀ kàn ń yá a lò. Òṣùwọ̀n yìí ni mo lòdì sí. Sophocles bá ìtàn náà nílẹ̀ ni, ó sì yí i padà níbi tó wúwo jù lọ, ìyẹn ní ti ohun tó fa aburú àti ẹni tó jẹ̀bi rẹ̀. Iṣẹ́ tí àwọn akéwì ilẹ̀ Gíríìsì ń fi ìtàn òrìṣà àti akọni ṣe nìyẹn, òun náà sì ni Rótìmí ń bá lọ.

Ọ̀dọ̀ Homer ló yẹ ká ti bẹ̀rẹ̀, torí ewì tirẹ̀ fi èyí tó ju igba ọdún lọ ṣáájú eré Sophocles. Nínú ìwé kọkànlá Odyssey, Odysseus dé ilẹ̀ àwọn òkú, ó sì rí ìyá Oedipus níbẹ̀. Epicaste ni Homer pe obìnrin náà, kò pè é ní Jocasta bíi ti Sophocles. Nígbà tí àwọn òrìṣà tú àṣírí ìgbéyàwó òun àti ọmọ rẹ̀, obìnrin náà pokùn so, ṣùgbọ́n Oedipus kò kúrò lórí oyè. Nínú ìbànújẹ́ ló ti ń jọba lọ ní Thebes. A ò gbọ́ pé ó fọ́ ara rẹ̀ lójú, a ò gbọ́ pé ó fi ìlú sílẹ̀. Iliad náà, nínú ìwé kẹtàlélógún, mẹ́nu ba eré ìdíje tí wọ́n ṣe níbi ìsìnkú rẹ̀ ní Thebes kan náà. Pausanias, arìnrìn-àjò tó kọ̀wé nípa ilẹ̀ Gíríìsì ní ọgọ́rùn-ún ọdún kejì lẹ́yìn ìbí Kristi, fara balẹ̀ wo ọ̀rọ̀ Odyssey yìí, ó sì béèrè ọ̀rọ̀ tó mú: bí àṣírí bá tètè tú gẹ́gẹ́ bí Homer ti wí, nígbà wo ni tìyátọmọ ráyè bí ọmọ mẹ́rin? Ó ní obìnrin mìíràn, Euryganeia, ló bí àwọn ọmọ náà, ó sì fi Oedipodeia, ewì àtijọ́ kan tó ti sọnù lónìí, ṣe ẹ̀rí. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, a jẹ́ pé Antigone, ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà, kì í ṣe ọmọ èèwọ̀ rárá.

Ní ọdún 467 ṣáájú ìbí Kristi, Aeschylus gba ipò kìíní ní Athens pẹ̀lú eré tó dá lórí ìran mẹ́ta nínú ìdílé yìí. Èyí tó sọ ti àwọn ọmọ Oedipus nìkan ló ṣẹ́ kù, síbẹ̀ ó jẹ́ ká mọ orísun ọ̀ràn: ẹ̀ẹ̀mẹta ni òrìṣà Apollo kìlọ̀ fún Laius, bàbá Oedipus, pé bó bá kú láìbímọ, ìlú rẹ̀ yóò là. Laius kò gbọ́, ó bímọ, wàhálà sì ti ọ̀dọ̀ rẹ̀ ran ọmọ àti ọmọ-ọmọ. Sophocles gé ìkìlọ̀ yìí kúrò. Nínú Oedipus Tyrannus, ohun tí Laius gbọ́ kò ju pé ọwọ́ ọmọ rẹ̀ ni ikú rẹ̀ wà. Ọ̀nà àbáyọ kankan kò sí níbẹ̀. Ìwádìí ló wá fi dí àlàfo náà. Kí eré tó bẹ̀rẹ̀ ni bàbá ti kú, ni ìyá ti di ìyàwó. Ohun tí à ń wò lórí ìtàgé ni ọba kan tó ń wá apààyàn kiri, tó ń bá Tiresias aríran àti Creon àna rẹ̀ fa ọ̀rọ̀, tó ń fipá gba òótọ́ lẹ́nu darandaran arúgbó, bí Jocasta tilẹ̀ ti bẹ̀ ẹ́ pé kó jọ̀wọ́ kó fi í sílẹ̀. Òrìṣà kankan kò yọjú. Lẹ́yìn tí Oedipus fọ́ ara rẹ̀ lójú tán, ó ní Apollo ló fa ìyà náà wá, ṣùgbọ́n ọwọ́ òun fúnra òun ló gún òun lójú. Ẹni tó bá gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí dáadáa yóò rí i pé Sophocles ti pín ẹ̀bi náà kí wọ́n tó bí Rótìmí. Euripides tún gba ibòmíràn: nínú Phoenissae, Jocasta ṣì wà láàyè, àwọn ọmọ Oedipus sì ti ti bàbá wọn mọ́lé, nínú eré mìíràn tó kù díẹ̀díẹ̀ nìkan, àwọn ìránṣẹ́ Laius ló fọ́ Oedipus lójú. Sophocles fúnra rẹ̀ tún kọ Oedipus at Colonus, tí wọ́n ṣe ní ọdún 401 ṣáájú ìbí Kristi, lẹ́yìn ikú rẹ̀, níbi tí Oedipus ti lọ parí ayé rẹ̀ sí Colonus, àdúgbò tí wọ́n bí akéwì náà sí, tó sì di ààbò fún Athens.

Ẹnì kan lè ní bó bá rí báyìí, kò sí ìtàn Oedipus kankan mọ́, kálukú lè sọ èyí tó wù ú. Aristotle ti fèsì sí èyí nínú Poetics: ó ní a kò lè tú ìtàn àjogúnbá ká, Orestes náà ló gbọ́dọ̀ pa Clytemnestra ìyá rẹ̀, ṣùgbọ́n ọwọ́ akéwì ló kù sí láti fi ọgbọ́n lo ohun tó jogún. Ọmọ pa bàbá, ọmọ fẹ́ ìyá, kò sì mọ̀: èyí ni kò yẹ̀ láti ọ̀dọ̀ Homer títí dé ọ̀dọ̀ Rótìmí. Ní ti ẹni tó bá ní ọ̀rọ̀ òrìṣà kò ṣeé fọwọ́ yí, àwọn Gíríìkì kò ní ìwé mímọ́ kan tó de akéwì lọ́wọ́. Ìtàn tí akéwì ń sọ yìí ló mú kí Xenophanes bá Homer àti Hesiod wí, òun ló sì mú kí Plato fẹ́ lé àwọn akéwì kúrò nínú ìlú tó fi ọkàn yà.

Rótìmí pa egungun ìtàn náà mọ́. Ọdẹ́wálé pa Adétúsà bàbá rẹ̀, ó sì fẹ́ Ojúọlá ìyá rẹ̀. Orí ilẹ̀ oko nítòsí Ẹdẹ ni ìjà ti bẹ̀rẹ̀, èébú tí Adétúsà bú ìran Ọdẹ́wálé ló sì mú kó gbé ọkọ́ sí i. Ogun abẹ́lé ń jó lọ ní Nàìjíríà lọ́dún tí wọ́n gbé eré yìí jáde, Rótìmí sì sọ ọ́ gbangba pé ìkórìíra láàrin ẹ̀yà sí ẹ̀yà ni òun ń bá wí. Ìyípadà yìí tọ́, ó sì lágbára. Àtakò kan ṣì wà tí mo gbà pé ó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀: Ifá kì í sọ ibi kó má sọ ẹbọ. Nínú eré yìí, Baba Fákúnlé dá Ifá fún ọmọ tuntun, ó sọ ohun tí yóò ṣẹlẹ̀, kò sì sẹ́ni tó bi í léèrè ohun tí a ó fi tún un ṣe. Ọmọ náà gan-an ni wọ́n so owó ẹyọ mọ́ lẹ́sẹ̀, tí wọ́n sọ di ẹbọ. Ìdájọ́ Delphi, ojúbọ Apollo, ni Rótìmí fi sẹ́nu babaláwo, ó sì rí bẹ́ẹ̀ torí pé níbí yìí kò yí Sophocles padà tó. Ìtàn Aeschylus tó ṣáájú ìyẹn ì bá bá Ifá mu ju èyí lọ: ọba tó gbọ́ ìkìlọ̀ lẹ́ẹ̀mẹta, tí ọ̀nà àbáyọ wà níwájú rẹ̀, tó kọtí ikún sí i, kò ṣàjèjì sí ẹni tó bá mọ ẹsẹ Ifá tí wọ́n ti ní kí ẹnì kan rúbọ, tó sì kọ̀ tí kò rú.