Ọmọ Kì í Ṣe Ọjà: Àgbéyẹ̀wò Eré Sky Castle

Àwọn àgbà ní ọmọ tí a kò kọ́ ni yóò gbé ilé tí a kọ́ tà. Òótọ́ ọ̀rọ̀ ni. Ṣùgbọ́n ọmọ tí wọ́n kọ́ títí tí ẹ̀kọ́ fi di ìyà sí i lára ńkọ́? Ìbéèrè yìí ni Sky Castle, eré orí tẹlifíṣọ̀n láti orílẹ̀-èdè Gúúsù Kòríà, gbé ka iwájú àwọn òbí. Mo fẹ́ yẹ eré náà wò, kí n sì yẹ ilé-iṣẹ́ tó ṣe é wò pẹ̀lú, nítorí pé iṣẹ́ tí ilé-iṣẹ́ náà fi ń jẹun kò jìnnà sí ohun tí eré rẹ̀ ń bá wí.

HB Entertainment ni orúkọ ilé-iṣẹ́ náà. Iṣẹ́ méjì ni ó ń ṣe. Èkíní, ó jẹ́ alámòójútó fún àwọn òṣèré: ó ń wá iṣẹ́ fún wọn, ó ń bá wọn dúnàádúrà lórí owó, ó ń ṣọ́ orúkọ wọn lójú aráyé, ó sì ń gba ìpín tirẹ̀ nínú ohun tó bá wọlé. Èkejì, ó ń ṣe eré fún àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n. Òun ló ṣe My Love from the Star, tí SBS gbé sáfẹ́fẹ́ láti oṣù Kejìlá ọdún 2013 sí oṣù Kejì ọdún 2014. Eré yẹn gbajúmọ̀ ní Ṣáínà débi pé adìyẹ díndín pẹ̀lú ọtí bíà, tí gbajúmọ̀ obìnrin inú eré náà fẹ́ràn, di ohun tí àwọn èwe ń wá kiri níbẹ̀. Ẹ jẹ́ kí a fi èyí sọ́kàn: ohun tí irú eré bẹ́ẹ̀ bá fi hàn, àwọn òǹwòran a máa fẹ́ ní in.

HB Entertainment àti Drama House ni wọ́n jọ ṣe Sky Castle fún JTBC ní oṣù Kọkànlá ọdún 2018 sí oṣù Kejì ọdún 2019. Yoo Hyun-mi ló kọ ọ́, Jo Hyun-tak ló darí rẹ̀, ogún apá ni. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀, kò ju ìdá 1.7 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn òǹwòran lọ tó wò ó. Nígbà tó fi parí, ó ti di ìdá 23.8. Kí ló fa irú ìdàgbàsókè bẹ́ẹ̀? Àwọn òbí rí ara wọn nínú rẹ̀ ni.

Orúkọ eré náà ní ìtumọ̀. S, K àti Y ni lẹ́tà àkọ́kọ́ orúkọ yunifásítì mẹ́ta tí gbogbo òbí ní Kòríà ń lépa: Seoul National, Korea àti Yonsei. Ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré níbẹ̀. Ní ọjọ́ ìdánwò àṣewọlé yunifásítì tí wọ́n ń pè ní Suneung, bí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ bá ti ń fetí sí ìdánwò èdè Gẹ̀ẹ́sì, ọkọ̀ òfuurufú kò gbọdọ̀ gbéra, kò sì gbọdọ̀ balẹ̀.

Inú ọgbà àwọn ọlọ́lá kan, tí àwọn dókítà àti ọ̀jọ̀gbọ́n ń gbé, ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀. Ní apá kìíní, Young-jae wọ ilé ẹ̀kọ́ ìṣègùn ní Seoul National, gbogbo àdúgbò sì bá ìyá rẹ̀ yọ̀. Kò pẹ́ tí ọmọ náà fi kọ òbí rẹ̀ sílẹ̀, tí ìyá rẹ̀ sì gba ẹ̀mí ara rẹ̀. Kim Joo-young, obìnrin tí wọ́n sanwó fún láti máa ṣe alámòójútó ẹ̀kọ́ Young-jae, ló ti kọ́ ọ pé kí ó fi ìkórìíra rẹ̀ sínú di ìgbà tó bá wọlé. Síbẹ̀, Han Seo-jin mọ gbogbo èyí, ó sì fa Ye-seo ọmọ tirẹ̀ lé obìnrin yìí kan náà lọ́wọ́.

Níbí ni agbára eré náà wà. Kim Seo-hyung, tó ṣe Kim Joo-young, kì í pariwo, kì í gbá ọmọ létí. Aṣọ dúdú ni ó ń wọ̀, ọ̀rọ̀ pẹ̀lẹ́ ló ń sọ, tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ ló sì ń bá àwọn ìyá sọ̀rọ̀. Ohun tó ń kó ìpayà báni nìyẹn. Ó ń yan ohun tí Ye-seo yóò kà, ó ń ṣètò bí yóò ṣe di olórí àwọn akẹ́kọ̀ọ́, ó ń ṣọ́ orúkọ rẹ̀. Iṣẹ́ alámòójútó òṣèré gan-an nìyẹn.

Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ kan wà. Òṣèré ní ìwé àdéhùn. Ní ọdún 2009, lẹ́yìn tí ariwo pọ̀ nípa àdéhùn tó ń de àwọn òṣèré àti olórin mọ́lẹ̀, àjọ ìjọba Kòríà tó ń rí sí òwò gbé àwòṣe ìwé àdéhùn jáde, ó sì fi ọdún 7 ṣe òdiwọ̀n. Cho Byeong-kyu, tó ṣe Ki-joon, ọ̀kan nínú àwọn ìbejì tí bàbá wọn ń fi ẹ̀kọ́ ni lára, wà lábẹ́ HB nígbà náà. Òun lè ka ìwé tirẹ̀ kó tó buwọ́ lù ú. Ki-joon inú eré kò buwọ́ lu ohunkóhun. Ọmọ kò ní ọjọ́ tí àdéhùn rẹ̀ pẹ̀lú òbí yóò parí, ìdí sì nìyẹn tí kò fi yẹ kí a máa tọ́ ọ bí ọjà.

Àbùkù eré náà wà ní ìparí rẹ̀. Hye-na ni ọmọ tó ní ọpọlọ jù lọ nínú ìtàn náà, tálákà sì ni. Ó ṣàwárí pé wọ́n ń jí ìbéèrè ìdánwò fún Ye-seo, ni wọ́n bá pa á. Nígbà tí wọ́n gbé e dé ilé ìwòsàn, dókítà tó fi ọmọ-ọmọ ọ̀gá rẹ̀ ṣáájú rẹ̀ ni bàbá tó bí i, kò sì mọ̀. Ìran yìí ló mú jù nínú gbogbo eré náà. Bàbá náà sunkún lẹ́yìn náà lóòótọ́, Han Seo-jin sì fi ipò ọmọ rẹ̀ sílẹ̀ kí òótọ́ lè jáde. Ṣùgbọ́n ní apá tó kẹ́yìn, ńṣe ni gbogbo ilé ń rẹ́rìn-ín. Bàbá àwọn ìbejì, tó ti ń fìyà jẹ wọ́n fún ọdún púpọ̀, yí padà láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀. Àwọn tó ṣe eré náà fẹ́ kí òǹwòran lọ sùn pẹ̀lú ayọ̀, wọ́n sì sáré kọjá ibojì ọmọ kan kí wọ́n tó débẹ̀.

Èyí tó burú jù ni ti àpótí onígi tí Ye-seo ń wọ̀ láti kàwé, tó ń ti ara rẹ̀ mọ́ inú rẹ̀ bí ẹlẹ́wọ̀n. Eré náà fi í hàn kí ẹ̀rù lè bà wá. Kàkà bẹ́ẹ̀, àwọn òbí kan ní Kòríà bẹ̀rẹ̀ sí í wá a rà fún ọmọ tiwọn. Ìkìlọ̀ di ìpolówó. Eré tó bá mọ bí wọ́n ṣe ń jẹ́ kí ohun gbogbo dára lójú kò gbọ́dọ̀ yà lẹ́nu bí ẹ̀wọ̀n pàápàá bá dára lójú.

Síbẹ̀, mo gbà pé ó yẹ kí a wò ó, pàápàá àwa tí a mọ JAMB, tí a sì mọ òbí tó ń sanwó magòmágó ìdánwò fún ọmọ rẹ̀. Kí òbí wò ó títí dé apá kẹrìnlá tí Hye-na ti ṣubú. Kí olùkọ́ béèrè lọ́wọ́ kíláàsì rẹ̀ pé ta ni ikú ọmọ yìí ṣe láǹfààní. Àṣejù ni baba àṣetẹ́, ṣùgbọ́n nínú Sky Castle, àwọn òbí ló ṣe àṣejù, Hye-na tí kò ní òbí tí yóò gbèjà rẹ̀ ló sì san gbèsè rẹ̀.