Ipò Olótùú nínú Iṣẹ́ Ọnà Fíìmù: Mario Serandrei gẹ́gẹ́ bí Àpẹẹrẹ

Olùdarí ni àwọn aṣelámèyítọ́ sábà máa ń kà sí ẹni tí ó ni fíìmù. Ohun tí àpilẹ̀kọ yìí fẹ́ fi hàn ni pé èrò yìí kò kún tó. Mario Serandrei, olótùú fíìmù ọmọ Ítálì, tí a bí ní Naples ní 1907 tí ó sì kú ní 1966, ni a ó fi ṣe àpẹẹrẹ.

Iṣẹ́ olótùú ni láti wo gbogbo àwòrán tí a ti yà, kí ó yọ èyí tí kò wúlò kúrò, kí ó sì so ìyókù pọ̀ di ìtàn. Òun ni ó ń wo bí àwòrán kan yóò ti pẹ́ tó níwájú òǹwòran. Bí iṣẹ́ rẹ̀ bá dára, a kì í rí ojú ibi tí ó ti gé e. Ìdí nìyí tí lámèyítọ́ fi máa ń gbàgbé rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a wo fíìmù méjì. Nínú Il gattopardo (1963), tí Luchino Visconti darí, òde ijó àwọn ọlọ́lá Sicily gba nǹkan bí ìṣẹ́jú 45. A kò kánjú gé e. Díẹ̀díẹ̀ ni a ń rí i tí àárẹ̀ ń mú àgbà ìjòyè náà, títí a fi mọ̀ pé ayé àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń lọ sópin. Ọ̀tọ̀ ni ti La battaglia di Algeri (1966), tí Gillo Pontecorvo darí. Obìnrin ará Àlgéríà kan gbé bọ́ǹbù wọ ilé ìgbafẹ́ àwọn Faransé. Kí ó tó kúrò níbẹ̀, a fi ojú àwọn tí ó jókòó hàn wá lọ́kọ̀ọ̀kan, títí kan ọmọdé tí ń lá áísìkiriìmù. Kò pẹ́ rárá, ṣùgbọ́n òǹwòran kò tún lè sọ pé òun kò mọ àwọn tí yóò kú. Ìgé yìí ni kò jẹ́ kí fíìmù náà di ìpolongo lásán.

Ẹnìkan lè sọ pé olùdarí ni ó ń pàṣẹ, àti pé Serandrei àti Mario Morra ni wọ́n jọ ṣe olótùú fíìmù kejì yìí. Òótọ́ ni; ṣùgbọ́n òótọ́ náà gbe èrò wa lẹ́sẹ̀, pé fíìmù kì í ṣe iṣẹ́ ẹnìkan ṣoṣo. Nínú Giorni di gloria (1945), tí ó dá lórí ìjà àwọn ará Ítálì lòdì sí Násì, orúkọ Serandrei wà láàrin àwọn olùdarí.

Visconti tilẹ̀ jẹ́rìí pé Serandrei, nígbà tí ó ń wo àwòrán Ossessione (1943), ni ó kọ̀wé sí òun tí ó sì pe irú fíìmù bẹ́ẹ̀ ní neorealismo. Orúkọ yìí ni a ṣì ń pè é.

Ní ìparí, ẹni tí ó sọ ọmọ lórúkọ kì í ṣe àlejò nínú ilé ọmọ. Bí a bá ń ṣe lámèyítọ́ fíìmù, ó yẹ kí a máa bèèrè ibi tí a ti gé e, ìdí tí a fi gé e, àti ẹni tí ó gé e.